Ọ̀rọ̀ tí Ará Abúlé Gbọ́: Èdè, Ìtàgé àti Àhámọ́ nínú Ìgbésí Ayé Ngũgĩ wa Thiong'o

Ìfáárà

Ní ọdún 1977, iṣẹ́ méjì ni Ngũgĩ wa Thiong'o gbé síta ní orílẹ̀-èdè Kẹ́ńyà. Èkínní ni Petals of Blood, ìtàn àròsọ gígùn tí ó fi èdè Gẹ̀ẹ́sì kọ, tí ó sì fi bẹnu àtẹ́ lu àwọn olówó tuntun àti àwọn olóṣèlú tí wọ́n sọ òmìnira di ogún ìdílé wọn. Mwai Kibaki, tí ó jẹ́ mínísítà fún ètò ìṣúná nígbà náà, ni ó ṣe ìfilọ́lẹ̀ ìwé náà ní oṣù Agẹmọ. Èkejì ni Ngaahika Ndeenda, eré oníṣe tí òun àti Ngũgĩ wa Mĩriĩ jọ kọ ní èdè Gĩkũyũ, tí àwọn àgbẹ̀ àti òṣìṣẹ́ abúlé Kamĩrĩthũ sì ṣe lójú àwọn ará abúlé wọn. Eré náà bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ kejì oṣù Ọ̀wàrà. Ní ọjọ́ kẹrìndínlógún oṣù Bélú, ìjọba gba ìwé àṣẹ rẹ̀. Ní ọjọ́ tí ó kẹ́yìn ọdún náà, òǹkọ̀wé ti wà ní àhámọ́. Wọn kò gbé e lọ sí ilé ẹjọ́ kankan, wọn kò sì ka ẹ̀sùn kankan sí i lẹ́sẹ̀.

Ohun tí iṣẹ́ méjèèjì sọ kò fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀ síra. Bí a bá wò ó dáadáa, a lè sọ pé ti èdè Gẹ̀ẹ́sì tilẹ̀ le jù. Kí ló wá dé tí ìjọba fi bá òǹkọ̀wé yọ̀ nítorí ọ̀kan, tí èkejì sì ṣáájú rẹ̀ wọ ẹ̀wọ̀n? Ìdáhùn tí ọ̀pọ̀ aṣelámèyítọ́ máa ń fọ̀ sí ìbéèrè yìí kò ju ọ̀rọ̀ kan lọ: èdè. Wọn a ní níwọ̀n ìgbà tí òǹkọ̀wé bá ń fi Gẹ̀ẹ́sì bá àwọn ọ̀mọ̀wé ẹgbẹ́ rẹ̀ sọ̀rọ̀, ìjọba lè fọwọ́ lẹ́rán. Ọjọ́ tí ó bá fi èdè àwọn mẹ̀kúnnù sọ ọ́ ni ọ̀rọ̀ yí padà. Òótọ́ wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n ó kù díẹ̀ kí ó pé. Bíbélì wà ní èdè Gĩkũyũ, ìwé orin wà, àwọn olóṣèlú ń fi èdè náà polongo ìbò, kò sì sí ẹni tí ó ti ìdí bẹ́ẹ̀ dé àhámọ́. Èrò tí àpilẹ̀kọ yìí gbé kalẹ̀ ni pé ohun tí ó ba ìjọba lẹ́rù ni èdè náà pọ̀ mọ́ àwùjọ tí ó kó ara rẹ̀ jọ láti fi í sọ ìtàn ara rẹ̀, lórí ilẹ̀ tirẹ̀, láìgba àṣẹ ọ̀gá. Bí a bá yọ ọ̀kan kúrò lára èkejì, agbára náà dín kù. Ọ̀rọ̀ yìí kan àwọn onímọ̀ Yorùbá gbọ̀ngbọ̀n, nítorí pé wọ́n ní lítíréṣọ̀ kíkọ ní èdè abínibí tipẹ́, wọ́n sì máa ń rò nígbà mìíràn pé ìyẹn nìkan ti tó.

Ìwé ilẹ̀ àti ọ̀rọ̀ ẹnu

A bí Ngũgĩ ní ọjọ́ karùn-ún oṣù Ṣẹẹrẹ, ọdún 1938, nítòsí ìlú Limuru, ní àgbègbè òkè tí àwọn òyìnbó ti gba ọ̀pọ̀ ilẹ̀ rẹ̀ tí wọ́n sì ń gbin tíì sí i. Ọdún yẹn kan náà ni Ògbójú Ọdẹ Nínú Igbó Irúnmalẹ̀ jáde ní ilẹ̀ Yorùbá. Ọ̀nà òǹkọ̀wé rẹ̀ àti ti ọmọ tuntun yìí yóò pàdé lórí ìwé lọ́jọ́ iwájú. Ìyàwó mẹ́rin ni bàbá Ngũgĩ, Thiong'o wa Ndũcũ, fẹ́. Wanjikũ, ìyá rẹ̀, ni ìkẹta nínú wọn.

Nínú ìwé ìrántí ìgbà èwe rẹ̀, Dreams in a Time of War (2010), Ngũgĩ sọ bí bàbá rẹ̀ ṣe pàdánù ilẹ̀. Bàbá náà ra ilẹ̀ ní ìlànà àṣà: ó fi ewúrẹ́ san owó rẹ̀, àwọn ẹlẹ́rìí wà níbẹ̀, ọ̀rọ̀ ẹnu sì ni àdéhùn. Ẹni tí ó ta ilẹ̀ náà fún un tún un tà fún ẹlòmíràn, onígbàgbọ́ tí ó mọ̀wé, tí ó sì mọ̀ pé ó yẹ kí òun gba ìwé lé e. Nígbà tí ọ̀rọ̀ di ti òfin àwọn amúnisìn, ìwé borí ẹnu. Ẹni tí ó ra ilẹ̀ di ẹni tí ń gbé lórí ilẹ̀ onílẹ̀. Ó ṣòro láti ka ìtàn yìí kí a má rí i pé ohun tí ó gba ọkàn ọmọ náà títí ọjọ́ ogbó rẹ̀ ti wà níbẹ̀: ta ni ó ni ọ̀rọ̀ tí òfin ń gbọ́?

Ìyá rẹ̀ ni ó rán an lọ sí ilé ẹ̀kọ́ ní 1947. Láìpẹ́, ó bọ́ sí Manguo, ọ̀kan nínú àwọn ilé ẹ̀kọ́ tí àwọn Gĩkũyũ dá sílẹ̀ fúnra wọn láìsí ọwọ́ àwọn míṣọ́nnárì níbẹ̀. Gĩkũyũ ni wọ́n fi ń kọ́ àwọn ọmọ kéékèèké, ẹni tí ó bá sì kọ àròkọ dáradára ní èdè náà ni wọ́n ń pàtẹ́wọ́ fún. Ní 1952, ìjọba amúnisìn kéde ipò pàjáwìrì nítorí ogun Mau Mau, wọ́n gba àwọn ilé ẹ̀kọ́ wọ̀nyí, wọ́n sì fi Gẹ̀ẹ́sì jọba níbẹ̀. Ọmọ tí ó bá sọ Gĩkũyũ nítòsí ilé ẹ̀kọ́ yóò jẹ pàṣán, tàbí kí wọ́n fi àkọlé onírin kọ́ ọ lọ́rùn tí ó pè é ní òmùgọ̀. Àwọn Yorùbá tí wọ́n ti san owó ìtanràn rí nítorí pé wọ́n sọ èdè ilé wọn ní kíláàsì kò nílò àlàyé kankan lórí èyí.

Ogun náà wọ inú ilé. Ẹ̀gbọ́n Ngũgĩ kan, Wallace Mwangi, wọ igbó lọ bá àwọn ajìjàgbara. Wọ́n mú ìyá wọn lọ sí ilé ẹ̀ṣọ́ ní Kamĩrĩthũ, wọ́n sì fi ojú rẹ̀ rí màbo. Ọmọ bàbá rẹ̀ mìíràn, Gitogo, jẹ́ adití. Wọ́n yìnbọn pa á nítorí pé sójà pàṣẹ pé kí ó dúró, kò sì gbọ́. Ní 1955, Ngũgĩ wọ Alliance High School, ilé ẹ̀kọ́ gíga tí ó lókìkí jù fún ọmọ aláwọ̀ dúdú ní Kẹ́ńyà nígbà náà. Nígbà tí ó padà sílé fún ìsinmi àkọ́kọ́, kò bá ilé mọ́. Wọ́n ti wó àwọn agbo ilé, wọ́n sì ti kó gbogbo ènìyàn lọ sí abúlé tuntun kan tí àwọn ẹ̀ṣọ́ ń ṣọ́. Abúlé àfipákójọ yìí ni Kamĩrĩthũ tí ó wá di ibi ìtàgé ní ogún ọdún lẹ́yìn náà.

Makerere, Fágúnwà àti orúkọ tuntun

Ní 1959 ó wọ ilé ẹ̀kọ́ gíga Makerere ní Kampala. Ní oṣù Okúdù ọdún 1962, wọ́n ṣe ìpàdé àwọn òǹkọ̀wé Áfíríkà tí ń fi Gẹ̀ẹ́sì kọ̀wé níbẹ̀. Akẹ́kọ̀ọ́ ni Ngũgĩ. Ìtàn kéékèèké mélòó kan tí ó ti tẹ̀ jáde ni ó fún un láyè láti jókòó láàárín wọn, ó sì lo àǹfààní náà láti fi ìwé àfọwọ́kọ rẹ̀ han Chinua Achebe. Wọlé Ṣóyínká wà níbẹ̀. Christopher Okigbo àti J. P. Clark náà wà níbẹ̀. Fágúnwà kò sí níbẹ̀.

Àìsí Fágúnwà yìí ni Ngũgĩ padà sí nínú Decolonising the Mind (1986). Òun tí ó jẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ lásán yẹ fún ìpè nítorí Gẹ̀ẹ́sì. Fágúnwà tí àwọn ìwé rẹ̀ ti wà lọ́wọ́ àwọn òǹkàwé fún ọ̀pọ̀ ọdún kò yẹ, bẹ́ẹ̀ ni Shaaban Robert, akéwì ńlá èdè Swahili. Fágúnwà kú ní oṣù Ọ̀pẹ ọdún 1963. Ọdún yẹn gan-an ni Obi Wali kọ àròkọ kan nínú ìwé ìròyìn Transition, tí ó ní lítíréṣọ̀ Áfíríkà tí a fi èdè òyìnbó kọ kò lè já síbì kankan. Àwọn ọ̀mọ̀wé bínú sí i. Ó pẹ́ kí Ngũgĩ tó gbà pé òtítọ́ ni ọkùnrin náà sọ.

Ó yẹ kí òǹkàwé Yorùbá dúró díẹ̀ níbí. Ohun tí Ngũgĩ fi ogójì ọdún ayé rẹ̀ wá kiri, ìtàn àròsọ ní èdè abínibí tí tọmọdé tàgbà lè kà, ti wà nílẹ̀ ní ilé Yorùbá kí ó tó wọ ilé ẹ̀kọ́. Yàtọ̀ sí Fágúnwà, Aiyé d'Aiyé Òyìnbó ti Isaac Délànọ̀ ti jáde láti 1955. Ṣùgbọ́n ilé ẹ̀kọ́ àti ìjọ ni wọ́n gbé ọ̀pọ̀ nínú àwọn ìwé wọ̀nyí ró, wọn kò sì di ohun tí ìjọba amúnisìn ń bẹ̀rù. Kì í ṣe àbùkù ni èyí jẹ́ fún àwọn tí wọ́n kọ wọ́n. Ó kàn fi hàn pé èdè abínibí lè wà lórí ìwé fún ìgbà pípẹ́ láìmi ìtẹ́ ẹnikẹ́ni.

Àwọn ìwé Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ tẹ̀lé ara wọn kíákíá: Weep Not, Child ní 1964, The River Between ní 1965, A Grain of Wheat, tí ó kọ nígbà tí ó wà ní Leeds, ní 1967. Ó di olùkọ́ ní yunifásítì Nairobi. Ní 1968, òun, Taban lo Liyong àti Henry Owuor-Anyumba kọ ìwé sí àwọn aláṣẹ pé kí wọ́n pa ẹ̀ka ẹ̀kọ́ èdè Gẹ̀ẹ́sì rẹ́, kí wọ́n sì fi ẹ̀ka tí yóò gbé lítíréṣọ̀ Áfíríkà, ti ẹnu àti ti ìwé, sí àárín gbùngbùn rọ́pò rẹ̀. James Ngugi ni wọ́n ń pè é títí di ìgbà yìí. Ilé là ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Ó wo ilé, ó sì ju James nù.

Ìlú Èkó wọ inú ìtàn yìí lẹ́ẹ̀kan. The Trial of Dedan Kimathi, eré tí òun àti Mĩcere Gĩthae Mũgo jọ kọ lórí aṣáájú Mau Mau tí àwọn òyìnbó yẹgi fún ní 1957, wà lára ohun tí Kẹ́ńyà gbé wá sí FESTAC ní Èkó ní ìbẹ̀rẹ̀ 1977. Ìjọba fi eré ajìjàgbara ṣojú ara rẹ̀ níwájú gbogbo àgbáyé. Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi ṣe é.

Kamĩrĩthũ

Gẹ́gẹ́ bí Ngũgĩ ti sọ ọ́, obìnrin abúlé kan ni ó dá gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Ní àárọ̀ ọjọ́ kan ní 1976, ó wá sí ilé rẹ̀, kò sì fi ọ̀rọ̀ falẹ̀: wọ́n gbọ́ pé ó kàwé, wọ́n gbọ́ pé ó ń kọ̀wé; kí ló dé tí òun àti irú rẹ̀ kò fi bu díẹ̀ fún abúlé nínú ìmọ̀ náà? Ilé àwọn ọ̀dọ́ kan wà ní Kamĩrĩthũ tí ó ti ń di ahoro. Wọ́n fẹ́ kí ó bá wọn jí i dìde. Obìnrin náà padà wá lọ́sẹ̀ kejì, ó tún wá lẹ́yìn ìyẹn, títí ọ̀jọ̀gbọ́n fi gbà. Ètò mọ̀ọ́kọ-mọ̀ọ́kà fún àwọn àgbà ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀, lábẹ́ ìdarí Ngũgĩ wa Mĩriĩ, tí iṣẹ́ rẹ̀ ní yunifásítì jẹ mọ́ ẹ̀kọ́ àgbà. Láti orí kíkọ álífábẹ́ẹ̀tì, ọ̀rọ̀ bọ́ sórí ohun tí wọ́n ń kọ: owó ọ̀yà, ilẹ̀, gbèsè. Láti ibẹ̀ ni ìtàgé ti wá.

Ìtàn inú Ngaahika Ndeenda, tí orúkọ rẹ̀ túmọ̀ sí Màá Gbéyàwó Nígbà tó Bá Wù Mí, kò lọ́jú pọ̀. Kĩgũũnda jẹ́ òṣìṣẹ́ oko tí ó ní éékà ilẹ̀ kan ààbọ̀ péré, ó sì fi ìwé ilẹ̀ náà kọ́ sára ògiri bí ẹni gbé àwòrán bàbá ńlá rẹ̀ kọ́. Ọ̀gá rẹ̀, Kĩoi, olówó àti onígbàgbọ́, rọ òun àti ìyàwó rẹ̀ pé kí wọ́n wá ṣe ìgbéyàwó ní ṣọ́ọ̀ṣì, nítorí pé ti ìbílẹ̀ tí wọ́n ṣe kò tó. Kĩgũũnda fi ilẹ̀ dúró láti yá owó ìgbéyàwó ní báńkì. Ó lé e, kò bá a. Ilẹ̀ bọ́ sọ́wọ́ Kĩoi. Ẹni tí ó bá ti gbọ́ ìtàn bàbá Ngũgĩ yóò mọ ibi tí ìwé ara ògiri náà ti wá. Àyípadà kan ṣoṣo ni ó dé bá a: bàbá Ngũgĩ pàdánù ilẹ̀ nítorí pé kò ní ìwé, Kĩgũũnda sì pàdánù tirẹ̀ pẹ̀lú ìwé lọ́wọ́.

Bí wọ́n ṣe ṣe eré náà ṣe pàtàkì ju ohun tí ó sọ lọ. Àwọn òǹkọ̀wé méjèèjì mú ìlàlẹ̀ eré wá, àwọn ará abúlé sì bẹ̀rẹ̀ sí í tún un ṣe. Àwọn àgbà ní àgbàlagbà kì í sọ̀rọ̀ báyìí níwájú ọmọ. Wọ́n yí gbólóhùn padà, wọ́n fi òwe sí i. Àwọn tí wọ́n ti bá Mau Mau jà mú orin wọn wá, wọ́n sì fi bí a ṣe ń búra hàn. Àwọn òṣìṣẹ́ ilé-iṣẹ́ ṣàlàyé bí a ṣe ń ṣírò owó ọ̀yà àti ohun tí ọ̀gá ń jẹ lórí rẹ̀. Ojú gbangba ni wọ́n ti ń ṣe ìgbaradì, ẹnikẹ́ni tí ó ń kọjá lọ sì lè tún òṣèré sọ. Wọ́n fi ọwọ́ ara wọn kọ́ gbàgede ìtàgé tí ó ní ààyè ìjókòó fún ènìyàn tí ó lé ní 2,000. Nígbà tí eré bẹ̀rẹ̀, ọ̀pọ̀ nínú àwọn òǹwòran ti mọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ sórí, nítorí pé ọ̀rọ̀ wọn ni.

Ngũgĩ kò fi bò pé òun di akẹ́kọ̀ọ́ níbẹ̀. Ọ̀jọ̀gbọ́n tí ó ti kọ ìtàn àròsọ mẹ́rin ní Gẹ̀ẹ́sì rí i pé Gĩkũyũ tí òun gbọ́ kò tó èyí tí ìyá àgbà tí kò mọ A yàtọ̀ sí B gbọ́. Ìtìjú yìí ni àwọn ìwé tí a kọ nípa rẹ̀ kì í sábà tẹnu mọ́, bẹ́ẹ̀ òun gan-an ni ó yí ọ̀nà ìkọ̀wé rẹ̀ padà.

Tíṣù Kamĩtĩ

Ẹ̀wọ̀n Kamĩtĩ ni wọ́n gbé e lọ. Nọ́ńbà ni wọ́n ń pè é níbẹ̀: K6,77. Wọ́n ní kí ó jẹ́ kí wọ́n de òun ní ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ kí ó tó lè rí dókítà eyín tàbí kí ó rí ẹbí rẹ̀. Ó kọ̀, ó sì fara mọ́ ohun tí ó ti ibẹ̀ yọ. Ibẹ̀ ni ó ti pinnu pé òun kò ní fi Gẹ̀ẹ́sì kọ ìtàn àròsọ mọ́. Orí tíṣù ìnùdí tí wọ́n ń fún àwọn ẹlẹ́wọ̀n ni ó kọ ọ̀pọ̀ nínú Caitaani Mũtharaba-inĩ, Èṣù lórí Àgbélébùú, sí. Tíṣù náà le, ó sì ń gún ara, èyí tí ó burú fún ohun tí wọ́n ṣe é fún, ṣùgbọ́n tí ó gba yíǹkì dáadáa. Wọ́n rí i gbà lọ́wọ́ rẹ̀ nígbà tí iṣẹ́ ń parí lọ. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mélòó kan, ọ̀gá ọgbà ẹ̀wọ̀n dá a padà fún un.

Ìṣòro tí ó bá pàdé lórí tíṣù náà yóò yé àwọn onímọ̀ èdè Yorùbá ju ẹnikẹ́ni lọ. Àkọtọ́ Gĩkũyũ tí àwọn míṣọ́nnárì fi sílẹ̀ kò fi ohùn hàn, kò sì fi gígùn fáwẹ̀lì hàn bí ó ti yẹ. Òǹkọ̀wé yóò kọ gbólóhùn kan lálẹ́, yóò kà á lọ́nà kan. Ní àárọ̀, yóò tún un kà, ìtumọ̀ mìíràn ni yóò jáde. Ó ní láti máa fi àyíká ọ̀rọ̀ dí àlàfo tí àmì ohùn ì bá dí. Àwọn ẹlẹ́wọ̀n ẹgbẹ́ rẹ̀ àti àwọn wọ́dà ni ó ń bi léèrè nípa ọ̀rọ̀ tí kò bá dá a lójú. Kamĩrĩthũ ń bá iṣẹ́ lọ nínú ẹ̀wọ̀n.

Jomo Kenyatta kú ní oṣù Ògún ọdún 1978; Daniel arap Moi gorí àlééfà, ó sì tú àwọn tí ó wà ní àhámọ́ sílẹ̀ ní ọjọ́ kejìlá oṣù Ọ̀pẹ. Yunifásítì kò gba Ngũgĩ padà sẹ́nu iṣẹ́. Caitaani jáde ní 1980. Àwọn òǹtẹ̀wé tẹ 5,000, wọ́n sì rò pé yóò gbà wọ́n tó ọdún mélòó kan kí ó tó tán. Kò pẹ́ rárá tí wọ́n fi tún un tẹ̀. Àwọn ìdílé ń kà á síta lálẹ́ fún ẹni tí kò mọ̀wé. Nínú ilé ọtí, ẹnì kan a máa kà á, bí ó bá sì dé ibi tí ó dùn, a dákẹ́ títí wọ́n yóò fi ra ọtí fún un. Ìwé ti padà di ìpéjọ.

Ògúndé, Gakaara, àti ohun tí a lè wó

Ngũgĩ kọ́ ni ẹni àkọ́kọ́ tí ìwé Gĩkũyũ gbé dé àhámọ́. Gakaara wa Wanjaũ, tí ó ń kọ orin àti ìwé pélébé ní èdè náà, ni àwọn òyìnbó tì mọ́lé láti 1952 fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ìwé tí ó kọ nípa rẹ̀ gba ẹ̀bùn Noma ní 1984. Ìjọba amúnisìn mọ ohun tí ó ń ṣe: orin tí ogunlọ́gọ̀ ń kọ ni wọ́n ń lé.

Ilẹ̀ Yorùbá náà ní irú rẹ̀. Ní 1964, Hubert Ògúndé gbé Yorùbá Ronú jáde, eré tí ó fi ọba tí igbákejì rẹ̀ dà pa òwe ìjà Awólọ́wọ̀ àti Akíntọ́lá. Ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn fòfin de ẹgbẹ́ òṣèré náà, òfin yìí sì wà títí àwọn ológun fi gba ìjọba ní 1966. Àwọn ìwé Gẹ̀ẹ́sì tí ó bú ìjọba wà lórí àtẹ nígbà náà. Eré tí ọjà àti agbo ilé ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ ni wọ́n fòfin dè.

Síbẹ̀, Ògúndé àti Kamĩrĩthũ kò rí bákan náà, ìyàtọ̀ wọn sì kọ́ ni lọ́gbọ́n. Ẹgbẹ́ Ògúndé jẹ́ ti òṣèré alákọ̀ọ́ṣẹ́: wọ́n ń gbé eré wọ ìlú, ará ìlú ń sanwó, wọ́n ń wòran, wọ́n sì ń lọ sílé. Bí ìjọba bá fòfin de ẹgbẹ́ náà, eré dúró. Ní Kamĩrĩthũ, òǹwòran ni òṣèré, òun náà ni ó ń tún ọ̀rọ̀ kọ, òun ni ó sì ni pákó tí ó jókòó lé. Gbígba ìwé àṣẹ kò tó fún irú èyí, fífi òǹkọ̀wé sí àhámọ́ kò sì tó. Nígbà tí àwọn ará abúlé padà ní 1982 pẹ̀lú Maitũ Njugĩra, eré olórin, wọn kò rí àṣẹ gbà láti ṣe é ní gbọ̀ngàn ìtàgé ìjọba ní Nairobi. Wọ́n gbé ìgbaradì lọ sí yunifásítì, ogunlọ́gọ̀ sì ń rọ́ lọ wò ó títí wọ́n fi tì wọ́n jáde. Ní oṣù Ẹrẹ́nà, àwọn ọlọ́pàá lọ sí Kamĩrĩthũ, wọ́n sì wó gbàgede náà mọ́lẹ̀. Ìwé ni a ń fòfin dè, ṣùgbọ́n pákó àti ilẹ̀ ni wọ́n wó.

Èdè ní àjò

Ngũgĩ wà ní London ní 1982 láti gbé Devil on the Cross, ìtumọ̀ tí òun fúnra rẹ̀ ṣe, síta, nígbà tí ó gbọ́ pé wọ́n ń dúró de òun nílé. Kò padà. Matigari, ìtàn àròsọ rẹ̀ kejì ní Gĩkũyũ, jáde ní Nairobi ní 1986. Ó sọ pé àwọn ará abúlé ń sọ̀rọ̀ ọkùnrin kan tí ń káàkiri tí ó ń béèrè òtítọ́ àti ìdájọ́ òdodo. Ìjọba gbọ́, wọ́n sì pàṣẹ pé kí wọ́n mú Matigari. Nígbà tí wọ́n mọ̀ pé inú ìwé ni ó ń gbé, ìwé náà ni wọ́n lọ kó kúrò ní àwọn ṣọ́ọ̀bù ní 1987.

Lẹ́yìn èyí ni ìṣòro tí àwọn tí wọ́n fẹ́ràn rẹ̀ kì í fẹ́ sọ bẹ̀rẹ̀. Òǹkọ̀wé tí ó jìnnà sí Kamĩrĩthũ ní èdè, kò ní ìyá àgbà tí yóò tún un sọ. Ó dá ìwé ìròyìn Mũtiiri sílẹ̀ ní Gĩkũyũ ní New York ní 1994. Ó kọ Mũrogi wa Kagogo, ìwé gbàǹgbà, tí ọ̀pọ̀ ènìyàn lágbàáyé mọ̀ sí Wizard of the Crow láti 2006. Ṣùgbọ́n àwọn àròkọ rẹ̀ lórí èdè, tí gbogbo ayé fi mọ̀ ọ́n, Gẹ̀ẹ́sì ni ọ̀pọ̀ jùlọ nínú wọn. Àwọn ìwé ìrántí rẹ̀ náà jáde ní Gẹ̀ẹ́sì. Àwọn tí wọ́n ṣe àtakò sí i tún ní Kẹ́ńyà ní èdè tí ó lé ní ogójì, pé ìwé Gĩkũyũ yóò ti Luo àti Kamba síta. Ìdáhùn rẹ̀ ni ìtumọ̀ láti èdè Áfíríkà kan sí èkejì. Ìdáhùn náà kò ṣófo: ìtàn kúkúrú rẹ̀ Ituĩka rĩa Mũrũngarũ, tí ó jáde ní 2016, ti wà ní èdè tí ó lé ní ọgọ́rùn-ún. Ṣùgbọ́n ìtumọ̀ kì í kọ́ gbàgede. Kò yẹ kí a ka èyí sí àgàbàgebè. Ohun tí àjò ń ṣe sí òǹkọ̀wé èdè abínibí ni, ó sì yẹ kí àwọn ọ̀mọ̀wé Yorùbá tí ń kọ̀wé láti òkè òkun fi ojú tirẹ̀ wo ọ̀nà ara wọn.

Ní ọdún 2004, lẹ́yìn ọdún méjìlélógún, ó padà sí Kẹ́ńyà. Èrò pọ̀ tí ó wá pàdé rẹ̀. Láàárín ọ̀sẹ̀ méjì, àwọn agbébọn já wọlé tí òun àti ìyàwó rẹ̀ dé sí, wọ́n sì ṣe wọ́n léṣe. Ó padà sí Kalifọ́níà, níbi tí ó ti ń kọ́ni ní Irvine.

Ìwé Gĩkũyũ tí ó gbé síta nígbà tí ó ti lé ní ọgọ́rin ọdún ni Kenda Mũiyũru, ìtàn ewì nípa àwọn ọmọbìnrin Gĩkũyũ àti Mũmbi, orírun àwọn ènìyàn rẹ̀. Ní 2021, ìtumọ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí ó ṣe fún un, The Perfect Nine, wọ inú àwọn ìwé tí wọ́n yẹ̀ wò fún ẹ̀bùn International Booker. Ngũgĩ kú ní ìpínlẹ̀ Georgia ní Amẹ́ríkà ní ọjọ́ kejìdínlọ́gbọ̀n oṣù Èbìbí, ọdún 2025, ní ẹni ọdún mẹ́tàdínláàádọ́rùn-ún. Ìtàn àwọn ọmọbìnrin wọ̀nyẹn wà lára ohun tí àgbà Kamĩrĩthũ èyíkéyìí ì bá ti tún un sọ fún un, láìṣí ìwé, ní àkókò ìgbaradì.